Bí Eré Ìbọn Ńlá Ṣe Lè Máa Lọ Geere Lórí Kọ̀ǹpútà Yín

Ẹ yọ sí kọ̀rọ̀ ilé kan, ọ̀tá dúró gbagidi níwájú yín, ẹ gbé ojú ìbọn lé e lórí, ìka ti wà lórí máòsì, ni àwòrán bá dì. Kò pẹ́ ju ìpajúpẹ́ lọ, àmọ́ kí ó tó tún gbéra, ọ̀tá ti yin tirẹ̀. Ẹ wo igun ojú kọ̀ǹpútà, iye férémù, ìyẹn iye àwòrán tí kọ̀ǹpútà ń yà ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ṣì ń ka 120. Ọ̀pọ̀ ènìyàn á wá máa wá bí 120 ṣe máa di 160, bẹ́ẹ̀ nọ́ńbà yẹn kọ́ ló ṣe wọ́n.

Ohun tí ojú ń rí, tí ọwọ́ sì ń mọ̀ lára, ni àkókò tí férémù kọ̀ọ̀kan gbà kó tó jáde. Tí férémù 60 bá ń jáde láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, ọ̀kọ̀ọ̀kan gba mílísẹ́kọ́ńdì 16.7 (mílísẹ́kọ́ńdì ẹgbẹ̀rún kan ló wà nínú ìṣẹ́jú àáyá kan), tí ó bá jẹ́ 144, ó di 6.9, tí ó bá jẹ́ 240, ó di 4.2. Ẹ wá wò ó báyìí: kí férémù 119 máa jáde ní 7.5 ní 7.5, kí ẹyọ kan tó kù wá gba 100. Ẹ ro wọ́n pọ̀, ìṣẹ́jú àáyá kan kò tíì pé, férémù 120 sì ti jáde. Òǹkà kò purọ́, ṣùgbọ́n ẹyọ kan tó gba 100 yẹn ló pa yín. Nítorí náà, kí férémù máa jáde déédéé ni iṣẹ́ àkọ́kọ́. Kí ó pọ̀ sí i ṣẹ̀ṣẹ̀ ń tẹ̀lé e ni.

Ẹ wọ̀n ọ́n kí ẹ tó fọwọ́ kan nǹkan kan

Ẹ gbé MSI Afterburner sórí kọ̀ǹpútà. RivaTuner Statistics Server máa ń bá a wá, òun ló ń kọ nọ́ńbà sójú eré. Ẹ ṣí Settings, ẹ lọ sí Monitoring, ẹ mú GPU usage, GPU temperature, Memory usage tó jẹ́ ti káàdì àwòrán, CPU usage ti core kọ̀ọ̀kan, CPU temperature, RAM usage, Framerate, Framerate Avg, Framerate 1% Low àti Frametime, kí ẹ sì fi àmì sí Show in On-Screen Display fún gbogbo wọn. GPU ni káàdì àwòrán, CPU ni ọpọlọ kọ̀ǹpútà, core ni ẹ̀ka CPU tó ń dá ṣiṣẹ́, RAM sì ni mẹ́mọ́rì tí kọ̀ǹpútà ń lò lọ́wọ́. Frametime nìkan ni kí ẹ yí padà láti text sí graph. Ìlà yẹn ló ṣe pàtàkì jù: bí ó bá tẹ́ pẹrẹsẹ bí omi inú àwo, eré ń lọ geere, bí ó bá ń yọ ẹ̀gún sókè, ẹ̀gún kọ̀ọ̀kan ni ìkọsẹ̀ kan.

Àwọn eré kan wà tí anti-cheat wọn, ìyẹn ètò tó ń ṣọ́ àwọn tó ń rẹ́ni jẹ, kì í gba RivaTuner láyè. Fún irú wọn, ẹ lo òǹkà tó wà nínú eré fúnra rẹ̀, tàbí ti NVIDIA App tí Alt+R ń ṣí, tàbí ti AMD Adrenalin tí Ctrl+Shift+O ń ṣí.

Ẹ yan máàpù kan, ẹ lọ síbi tí ìjà ti máa ń gbóná jù níbẹ̀, kí ẹ ṣeré fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Pápá ìdánrawò tí ẹnikẹ́ni kò sí kò lè sọ òótọ́ fún yín, nítorí kò sí èéfín níbẹ̀, nǹkan kì í bú gbàmù, CPU kò sì ní ogunlọ́gọ̀ ènìyàn láti máa ṣọ́. Ẹ kọ àròpín iye férémù, èyí tí wọ́n ń pè ní average, sílẹ̀ pẹ̀lú 1% low, tó ń sọ bí èyí tó falẹ̀ jù nínú ọgọ́rùn-ún férémù ṣe rí. Average 140 tí 1% low rẹ̀ jẹ́ 105 dára púpọ̀. Èyí tó jẹ́ 140 tí 1% low rẹ̀ jẹ́ 45 ń kọsẹ̀, 100 tí 1% low rẹ̀ jẹ́ 85 sì sàn jù ú lọ fíìfíì.

Láti ìgbà yìí lọ, nǹkan kan ṣoṣo ni kí ẹ máa yí padà lẹ́ẹ̀kan, kí ẹ sì tún wọ̀n ọ́n níbi kan náà. Ẹni tó yí nǹkan mẹ́wàá padà lẹ́ẹ̀kan náà kò ní mọ èyí tó wo àìsàn àti èyí tó dá kún un.

Ta ló ń dá àwọn yòókù dúró?

CPU àti káàdì àwòrán dà bí àwọn méjì tó ń ju bíríkì sí ara wọn níbi ìkọ́lé. CPU ń ṣètò ibi tí oníkálukú wà, ibi tí ọta ń lọ, ìró, ilé tó ń wó. Káàdì àwòrán ń gbà á, ó ń yà á. Ẹni tó bá lọ́ra nínú méjèèjì ló ń pinnu bí iṣẹ́ ṣe máa yá tó, bó ti wù kí èkejì lágbára tó.

Bí GPU usage bá dúró láàárín 97 sí 99%, káàdì àwòrán ló dé òpin agbára rẹ̀. Bí ó bá wà ní 60 tàbí 70% tí férémù kò sì pọ̀, CPU ni wọ́n ń dúró dè. Ẹ má jẹ́ kí CPU usage àpapọ̀ tàn yín. Ó lè máa ka 35% kí CPU sì ti dé òpin, torí pé iṣẹ́ kan tí eré kò lè pín ti gba core kan tán, àwọn core yòókù sì káwọ́ gbera, wọ́n ń wò ó. Ìdí nìyẹn tí a fi ní kí ẹ gbé core kọ̀ọ̀kan síta. Bí ó bá ṣì rú yín lójú, ẹ dín resolution, ìyẹn iye píksẹ̀lì àwòrán, kù dé èyí tó kéré jù fún ìṣẹ́jú méjì péré. Bí férémù bá fò sókè, káàdì àwòrán ni. Bí kò bá mira, CPU tàbí RAM ni, kò sì sí bí ẹ ṣe lè ba àwòrán jẹ́ tó tó máa tún un ṣe.

Àkókò tí ẹ̀gún ń yọ náà ń sọ̀rọ̀. Bí ó bá ń yọ nígbà tí ẹ bá wọ apá tuntun nínú máàpù, ẹ fura sí dísìkì tàbí sí mẹ́mọ́rì káàdì àwòrán. Bí ó bá ń yọ nígbà àkọ́kọ́ tí ẹ rí ìbúgbàù kan tàbí yin irú ìbọn kan, tí kò sì tún yọ mọ́ lẹ́ẹ̀kejì, shader ni, ìyẹn ìlànà tí káàdì fi ń yàwòrán, a ó ṣàlàyé rẹ̀ nísàlẹ̀. Bí ó bá ń yọ ní ìwọ̀n àkókò kan náà ṣáá, bí ìṣẹ́jú àáyá méjì-méjì, ètò mìíràn ló ń ta jí lẹ́yìn eré: ètò tó ń tan iná oríṣiríṣi àwọ̀ sára kíbọọ̀dù, tàbí ètò tó ń ka ooru. Ẹ pa wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan títí ẹ ó fi rí i. Afterburner fúnra rẹ̀ lè jẹ̀bi níbí yìí. Lórí àwọn káàdì kan, bí ẹ bá yọ àmì kúrò lára Power nínú Monitoring, ẹ̀gún á pa rẹ́.

Àwọn àṣìṣe tó ń jẹ agbára láìsí ẹni tó mọ̀

Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ẹ̀yìn kọ̀ǹpútà. Wáyà mọ́nítọ̀ gbọ́dọ̀ wọ ara káàdì àwòrán, ìyẹn àwọn ihò tó dùbúlẹ̀ ní ìsàlẹ̀. Bí ó bá wọ èyí tó wà lókè lẹ́gbẹ̀ẹ́ ihò USB, káàdì kékeré inú CPU lẹ ń lò, káàdì tí ẹ fi owó ńlá rà sì lè wà níbẹ̀ láìṣiṣẹ́. Lẹ́yìn náà, ẹ lọ sí Settings, System, Display, Advanced display, kí ẹ wo refresh rate, ìyẹn iye ìgbà tí mọ́nítọ̀ ń tún àwòrán yà ní ìṣẹ́jú àáyá kan (Hz). Windows sábà máa ń fi mọ́nítọ̀ 144 Hz sílẹ̀ sí 60 títí ẹnìkan fi máa yí i. Bí 144 kò bá sí nínú àwọn tí ẹ lè mú, wáyà ló kéré: HDMI 1.4 kò lè gbé 2560×1440 kọjá nǹkan bí 75 Hz. Ẹ lo DisplayPort.

Láptọ́ọ̀pù gbọ́dọ̀ wà lára ṣájà tirẹ̀ gan-an, kì í ṣe ṣájà fóònù tó kàn bá ihò náà mu. Bátìrì nìkan kò lè fún káàdì àwòrán ní iná tó ń béèrè, nítorí náà á dín ara rẹ̀ kù. Nínú Settings, System, Display, Graphics, ẹ wá orúkọ eré náà kí ẹ sì yan High performance fún un. Bí láptọ́ọ̀pù bá ní MUX switch, ẹ tàn án nínú ètò ilé iṣẹ́ tó ṣe é, kí àwòrán lè máa lọ tààrà sí ojú rẹ̀ láìgba ara káàdì kékeré kọjá.

Orí dísìkì tó ń yí, ìyẹn HDD, kì í ṣe ibi tí eré ìbọn òde òní yẹ kó wà mọ́. Eré ń ka nǹkan láti ibẹ̀ bí ẹ ti ń sáré lọ. Apá dísìkì náà kò lè tètè dé ibi gbogbo, ni ilé bá ń yọ sójú yín lójijì. Ẹ gbé e lọ sórí SSD, kí ẹ sì fi bí 15% àyè sílẹ̀ lórí rẹ̀.

RAM ló wá kù, ibẹ̀ sì ni ọ̀rọ̀ pọ̀ sí jù, torí ibẹ̀ ni a ti ń rí àwọn tó ti ra nǹkan tó dára tán tí wọn kò lò ó. Ẹ̀ka méjì ni, èkíní nípa ihò, èkejì nípa eré sísá, ìyẹn bí RAM ṣe ń yára tó.

Ọ̀pá RAM méjì 8 GB sàn fún eré ju ọ̀pá kan 16 GB lọ, nítorí CPU ń bá méjèèjì sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ṣùgbọ́n ihò tí ẹ ki wọ́n sí ṣe kókó. Lórí mọ́dábọọ̀dù (pátákó tí gbogbo ẹ̀yà kọ̀ǹpútà so mọ́) oníhò mẹ́rin, ẹ ka ihò láti ẹ̀gbẹ́ CPU, kí ẹ fi wọ́n sí ìkejì àti ìkẹrin, tí wọ́n sábà máa ń kọ A2 àti B2 sí. Bí ẹ bá fi wọ́n sí ìkíní àti ìkejì, ọ̀nà kan ṣoṣo ni wọ́n jọ ń gbà. 1% low ló máa kọ́kọ́ ké.

Eré sísá ńkọ́? Ẹ ṣí Task Manager, ẹ lọ sí Performance, ẹ tẹ Memory, ẹ wo ibi tí wọ́n kọ Speed sí. Bí ara ọ̀pá bá kọ 3200 tí Task Manager ń ka 2133 tàbí 2666, tàbí bí ó bá kọ 6000 tí ó ń ka 4800, a jẹ́ pé RAM yín kò tíì sáré bí wọ́n ṣe tà á fún yín láti ọjọ́ tí ẹ ti rà á. Bí ẹ bá wò ó nínú ètò CPU-Z tí ẹ rí 1600, ẹ má bẹ̀rù. Ìdajì ló máa ń kọ, ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po méjì.

Ẹ tún kọ̀ǹpútà bẹ̀rẹ̀, ẹ máa tẹ Del tàbí F2 léraléra títí BIOS, ètò ìpìlẹ̀ kọ̀ǹpútà, á fi ṣí. Ẹ wá XMP, òun ló ń jẹ́ kí RAM sáré dé iye tí wọ́n kọ sára rẹ̀. Lórí mọ́dábọọ̀dù AMD ó lè jẹ́ EXPO tàbí DOCP. Ẹ tan Profile 1, ẹ tẹ F10 láti fi pamọ́. Tí RAM bá jẹ́ DDR5, ojú kọ̀ǹpútà lè ṣókùnkùn fún ìṣẹ́jú mélòó kan ní ìgbà àkọ́kọ́. Ẹ má pa á! Ó ń kọ́ bí ó ṣe máa bá ọ̀pá wọ̀nyẹn sọ̀rọ̀ ni. Bí ó bá kọ̀ tí ó ń tún ara rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ṣáá, ẹ padà sí BIOS kí ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀ díẹ̀, láti 6000 sí 5600. Ọ̀pá mẹ́rin DDR5 kì í sábà sáré tó méjì, nítorí náà bí ẹ bá fẹ́ 32 GB, ẹ ra 16 méjì. Lẹ́yìn tí ẹ bá tan XMP, ẹ fi ètò MemTest86 yẹ RAM wò títí yóò fi parí ìgbà mẹ́rin. Àṣìṣe ẹyọ kan pàápàá kò gbọdọ̀ sí, torí RAM tó ń ṣàṣìṣe díẹ̀díẹ̀ ló ń mú kí eré kú láàárín ìjà láìsọ ìdí.

Nígbà tí ẹ bá tún padà sí BIOS, ẹ tan Above 4G Decoding àti Re-Size BAR Support, kí CPU lè máa rí gbogbo mẹ́mọ́rì káàdì àwòrán lẹ́ẹ̀kan dípò kó máa yọjú wò ó ní 256 MB. Àwọn káàdì Intel Arc kò ṣe é lò dáadáa láìsí i. CSM, ọ̀nà àtijọ́ tí kọ̀ǹpútà fi ń ṣí, gbọ́dọ̀ wà ní pípa kí ó tó ṣiṣẹ́, ibẹ̀ sì ni ewu wà: bí dísìkì Windows yín bá jẹ́ MBR, ìyẹn ọ̀nà àtijọ́ tí wọ́n fi ń pín dísìkì, tí ẹ sì pa CSM, Windows kò ní ṣí. Ẹ tẹ msinfo32 nínú Windows kí ẹ tó ṣe é. Bí BIOS Mode bá jẹ́ UEFI, kò séwu. Bí ó bá jẹ́ Legacy, ẹ da àwọn fáìlì yín kọ síbòmíràn, kí ẹ fi mbr2gpt yí dísìkì padà ná. Ibi kan náà ni ẹ ti máa tan Secure Boot, ààbò ìgbà tí kọ̀ǹpútà ń ṣí, tí Battlefield 6 ń béèrè fún, tí Valorant náà sì ń béèrè fún lórí Windows 11 pẹ̀lú TPM 2.0, ẹ̀rọ ààbò inú kọ̀ǹpútà.

Ooru

Àmì rẹ̀ kì í fara sin: eré dára fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá tàbí mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, lẹ́yìn náà ó bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́lẹ̀, bí ẹ sì ṣe ń ṣeré lọ, kàkà kí ewé àgbọn dẹ̀, líle ló ń le sí i. Bí CPU bá ti ń sún mọ́ 95 sí 100°C, ó ń dín eré sísá rẹ̀ kù láti gba ara rẹ̀ là. Àwọn Ryzen 7000 lè dé 95°C nígbà iṣẹ́ ńlá nítorí bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ṣe wọ́n, ṣùgbọ́n eré kì í ṣe iṣẹ́ tó yẹ kó gbé wọn débẹ̀. Ti káàdì àwòrán, bí ó bá wà lábẹ́ 80°C, ẹ fọkàn balẹ̀.

Ẹ pa kọ̀ǹpútà, ẹ yọ wáyà iná, ẹ ṣí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ẹ lo agolo afẹ́fẹ́ tàbí ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ kékeré, kí ẹ máa fẹ́ ẹ ní díẹ̀díẹ̀. Ẹ fi ìka di fáànù mú kí ó má yí, torí fáànù tí afẹ́fẹ́ bá ń yí ju agbára rẹ̀ lọ lè ba bíárì rẹ̀ jẹ́. Eruku tó ń ṣe jàǹbá kì í ṣe èyí tí ẹ rí lórí fáànù. Ó wà láàárín fáànù àti àwọn irin tẹ́ẹ́rẹ́ tó ń gbé ooru jáde, ó ti dì bí aṣọ òwú síbẹ̀, ẹ sì ní láti fẹ́ ẹ láti òdìkejì kó tó jábọ́.

Bí CPU bá ń gbóná lẹ́yìn èyí, ẹ tú cooler rẹ̀, ohun tó ń mú un tutù, ẹ fi ọtí spirit nu thermal paste àtijọ́, ìyẹn ọ̀dà tó ń gbé ooru láti ara CPU lọ sára cooler, kúrò lára méjèèjì, ẹ fi tuntun tó tó hóró ẹ̀wà kékeré sí àárín, kí ẹ sì máa dè é ní igun sí igun, díẹ̀ níhìn-ín díẹ̀ lọ́hùn-ún. Bí cooler bá jẹ́ tuntun, ẹ wo ìdí rẹ̀ dáadáa. Ọ̀rá tẹ́ẹ́rẹ́ wà lára àwọn kan tó yẹ kí ẹ ya kúrò, ọ̀pọ̀ sì máa ń gbàgbé rẹ̀ síbẹ̀. Láptọ́ọ̀pù ní tirẹ̀, ẹ gbé ẹ̀yìn rẹ̀ sókè bíi sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta, kó lè mí láti abẹ́.

A fẹ́ràn undervolt, ìyẹn dídín voltage tí káàdì àwòrán ń lò kù, ju overclock, ìyẹn fífipá mú un sáré sí i, lọ. Nínú Afterburner, ẹ tẹ Ctrl+F kí ìlà voltage jáde. Ẹ wo iye MHz tí káàdì ń sá nínú eré, ẹ gbé àmì tó wà ní 950 mV sókè dé iye yẹn, kí ẹ tẹ́ gbogbo èyí tó wà lápá ọ̀tún rẹ̀ mọ́ ibẹ̀, ẹ tẹ Apply. Eré sísá á wà bákan náà, ooru àti ariwo fáànù á dín kù. Bí eré bá kú, ẹ dín 30 MHz kúrò.

Dráífà àti shader

Bí ẹ bá ṣẹ̀ṣẹ̀ pààrọ̀ káàdì àwòrán, tàbí bí dráífà tuntun, ìyẹn ètò tó ń darí káàdì àwòrán, bá dá wàhálà sílẹ̀, ẹ fi ètò DDU (Display Driver Uninstaller) gbá èyí tó wà nílẹ̀ mọ́. Ẹ kọ́kọ́ gba dráífà tuntun wálẹ̀. Ẹ wá já íntánẹ́ẹ̀tì, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ Windows á ti fi tirẹ̀ sí i kí ẹ tó pajú dé. Ẹ di Shift mú, ẹ tẹ Restart, ẹ gba Troubleshoot, Advanced options, Startup Settings lọ sí Safe Mode. Ẹ ṣí DDU, ẹ yan Clean and restart. Nígbà tí Windows bá padà dé, ẹ fi dráífà tuntun sí i, ẹ sì so íntánẹ́ẹ̀tì padà. Kò sí ìdí láti máa ṣe èyí lóṣooṣù.

Shader ni ìlànà tí káàdì àwòrán ń tẹ̀lé láti ya iná, omi, irin, awọ ara. Eré kò lè gbé e wá ní sísè tán fún gbogbo káàdì tó wà láyé, nítorí náà CPU yín ló máa túmọ̀ rẹ̀ fún káàdì tiyín. Bí ó bá ti túmọ̀ rẹ̀ ṣáájú, ó ti wà nípamọ́. Bí kò bá tíì ṣe é tí ìbúgbàù sì ṣẹlẹ̀, gbogbo nǹkan á dúró dè é. Ìdí nìyẹn tí eré fi ń kọ ọ́ sí ojú ìwé àkọ́kọ́ pé òun ń ṣètò shader. Ẹ jẹ́ kó parí dé 100% kí ẹ tó wọ ìjà, ì báà gba ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Dráífà tuntun máa ń pa àwọn tó wà nípamọ́ rẹ́, torí náà ẹ má ṣe gbé dráífà tuntun sí i nígbà tí ìdíje ku wákàtí kan. Nínú NVIDIA Control Panel, Manage 3D settings, ẹ sọ Shader Cache Size di 10 GB tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn ètò tó ń pe ara wọn ní agbálẹ̀ kọ̀ǹpútà ń pa shader rẹ́ lójoojúmọ́, ẹ yọ wọ́n dànù.

Windows

Kò pọ̀ tó bí àwọn ènìyàn ṣe ń sọ. Ẹ tan Game Mode. Ẹ pa gbígba fídíò sílẹ̀ lábẹ́lẹ̀ nínú Gaming, Captures. Ẹ tan Hardware-accelerated GPU scheduling, torí frame generation ti DLSS, tó ń fi férémù àtọwọ́dá sáàárín àwọn tòótọ́, kì í ṣiṣẹ́ láìsí i. Ẹ fi Power mode sí Best performance. Ẹ yọ àmì kúrò lára Enhance pointer precision ti máòsì, kí ọwọ́ yín lè mọ ibi tó ń lọ. Ẹ ti bráúsà pa, kí ẹ sì dá àwọn ètò tó ń gba eré mìíràn wálẹ̀ dúró. Máòsì 8000 Hz máa ń da iṣẹ́ lé CPU lórí. Bí CPU bá ti dé òpin, ẹ fi í sí 1000.

Ẹ má pa page file, ìyẹn àyè orí dísìkì tí Windows ń lò nígbà tí RAM bá kún. RAM tó bá kún láìsí i á pa eré lójú ẹsẹ̀. Ẹ má fi eré sí Realtime nínú Task Manager, torí ó lè mú kí máòsì àti kíbọọ̀dù dì. Number of processors inú msconfig kò fi core kankan kún un. Ètò kékeré (script) tí ẹnikẹ́ni bá sọ pé ẹ kàn ṣí kí ó sọ Windows di fúyẹ́, ẹ jìnnà sí i. Òmíràn nínú wọn ń pa ààbò tí anti-cheat ń béèrè fún, eré kò sì ní ṣí mọ́.

Nínú eré fúnra rẹ̀

Ẹ fi texture, ìyẹn àwòrán tó ń bo ara nǹkan, síwájú. Kò fi bẹ́ẹ̀ jẹ férémù, mẹ́mọ́rì káàdì ló ń jẹ. Bí ó bá gbà á láyè, ẹ lè gbé e sí High láìpàdánù nǹkan kan. Bí kò bá gbà á, ohun tó ṣẹ́ kù á máa gba inú RAM wá, ọ̀nà yẹn jìn, ẹ̀gún á sì bẹ̀rẹ̀. Bí káàdì bá jẹ́ 8 GB tí ẹ rí i pé lílò rẹ̀ ti kọjá 7.3, ẹ sọ texture kalẹ̀ kan.

Bí káàdì àwòrán bá jẹ́ òpin, ẹ kọ́kọ́ pa ray tracing, tó ń ṣírò ọ̀nà tí ìmọ́lẹ̀ ń gbà. Ẹ wá gé òjìji sí Medium tàbí Low, lẹ́yìn náà volumetric tó ń ya èéfín àti ìtànṣán, reflection, ambient occlusion, ní títẹ̀léra. Nínú ìjà tí èéfín bo gbogbo ilẹ̀, volumetric nìkan lè jẹ́ ìyàtọ̀ láàárín ìyè àti ikú. Bí CPU bá jẹ́ òpin, yàtọ̀ sí ray tracing, àwọn yẹn kò ní ràn yín lọ́wọ́. Ìwọ̀n ibi tí ojú ń rí dé, iye ohun tó wà nílẹ̀, bí nǹkan ṣe ń fọ́ àti ray tracing ni kí ẹ dín kù. Motion blur, film grain, depth of field àti chromatic aberration, ẹ pa gbogbo wọn, nítorí wọ́n ń fi ọ̀tá pamọ́ fún yín.

DLSS àti FSR ń ya àwòrán kékeré, wọ́n sì ń nà án. Ní Quality, 2560×1440 ń di nǹkan bí 1707×960, ìyẹn 44% píksẹ̀lì tó yẹ kó yà. Ó dára níbẹ̀. Ní 1920×1080, Quality ń bẹ̀rẹ̀ láti 1280×720, ọ̀tá tó jìnnà sì lè di eruku lójú yín, nítorí náà ẹ kọ́kọ́ dín òjìji àti èéfín kù kí ẹ tó lò ó. Frame generation kò yẹ fún ìjà pẹ̀lú ènìyàn. Bí férémù tòótọ́ bá jẹ́ 40, ojú á rí 80, ọwọ́ á ṣì máa mọ 40 tàbí kí ó burú jù bẹ́ẹ̀.

Èyí tó kẹ́yìn nínú eré ló ń mú kí ìlà frametime tẹ́ jù: ẹ fi òdiwọ̀n sí férémù. Káàdì tó wà ní 99% ní gbogbo ìgbà ń to férémù jọ sẹ́yìn, títẹ̀ ìka yín á sì máa pẹ́ kó tó hàn. Ẹ tan Reflex bí ó bá wà, tàbí Anti-Lag fún AMD, kí títẹ̀ ìka lè tètè hàn. Lórí mọ́nítọ̀ 144 Hz tó ní G-Sync tàbí FreeSync, tó ń mú kí mọ́nítọ̀ bá férémù rìn, ẹ fi òdiwọ̀n sí 138. Bí kọ̀ǹpútà kò bá lè di 138 mú, ẹ wo ibi tí 1% low rẹ̀ wà, kí ẹ fi òdiwọ̀n sí díẹ̀ lókè rẹ̀. 90 tó dúró ṣinṣin sàn fún ọwọ́ ju 140 tó ń lọ sókè sódò lọ.

Bí ó bá ń kú, tàbí bí ìlà bá tẹ́ tí eré kò sì dára

Bí frametime bá tẹ́ pẹrẹsẹ, síbẹ̀ tí ọ̀tá ń fò láti ibì kan sí ibòmíràn, tàbí tí eré ń fà yín padà sẹ́yìn, íntánẹ́ẹ̀tì ni. Ẹ lo wáyà dípò Wi-Fi, kí ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni máa gba nǹkan ńlá wálẹ̀ lórí ìlà kan náà.

Bí eré tí wọ́n fi Unreal Engine ṣe bá ń kú pẹ̀lú ọ̀rọ̀ pé mẹ́mọ́rì fídíò ti tán nígbà tó ń ṣètò shader, tí CPU yín sì jẹ́ Intel Core i7 tàbí i9 ìran 13 tàbí 14, ẹ má dá káàdì àwòrán lẹ́bi. Voltage tó pọ̀ jù ti ba àwọn kan nínú wọn jẹ́. Ọdún 2024 ni Intel gbé microcode 0x12B, ìtọ́ni tí CPU ń tẹ̀lé, jáde láti dá a dúró, inú BIOS tuntun ti mọ́dábọọ̀dù yín ló wà. Ó ń dáàbò bo èyí tí kò tíì bàjẹ́. Èyí tó ti bàjẹ́, pípààrọ̀ ni.

Bí kọ̀ǹpútà bá pa láìsọ̀rọ̀ tó sì tún ara rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ nígbà tí ìjà gbóná, power supply, ẹ̀rọ tó ń pín iná inú kọ̀ǹpútà, ni kí ẹ wò. Káàdì tó ní ihò iná méjì yẹ kó ní wáyà méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ láti ara power supply, kì í ṣe wáyà kan tó là sí méjì lẹ́nu. Bí ó bá jẹ́ ihò tuntun onípín 16, ẹ tì í wọlé títí ẹ ò fi ní rí àlàfo kankan lẹ́nu rẹ̀, kí ẹ má sì ká wáyà náà nítòsí ẹnu ihò. Èyí tí kò wọlé tán ló ń gbóná títí tí ike rẹ̀ á fi yọ́.